Ẹ̀gbẹ́ ilé-iṣẹ́ kẹ́míkà ni a ń gbé: ṣé kí a kó kúrò ni, àbí ọ̀nà wà tí a fi lè dáàbò bo ara wa?

Ìyá Ìbejì

Mo kí gbogbo ilé o. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń ka ọ̀rọ̀ yín níbí láìdá sí i, ṣùgbọ́n èyí ti kọjá ohun tí mo lè dá rò. Ilé-iṣẹ́ kẹ́míkà ni ó yí ìlú tí a ń gbé ká. Àwọn kan ń ṣe ajílẹ̀, àwọn kan ń ṣe ike, ilé-iṣẹ́ ọ̀dà kan sì wà tí ó ti kógbá wọlé tipẹ́, tí ó jẹ́ pé ògiri àti àwọn àgbá tí ó ti dípẹtà nìkan ni ó ṣẹ́ kù níbẹ̀. Ọkọ mi ń ṣiṣẹ́ ní ọ̀kan nínú wọn. Ọ̀sán kì í burú púpọ̀. Alẹ́ ni òórùn máa ń dé, nígbà mìíràn bí ẹyin tó bàjẹ́, nígbà mìíràn bí ọ̀dà tútù, kí ilẹ̀ sì tó mọ́, yóò ti wọ aṣọ fèrèsé. Bí mo bá sá aṣọ funfun síta mọ́jú, mo máa ń bá àmì wínníwínní tí ó pọ́n ràkọ̀ràkọ̀ lára rẹ̀ tí ọṣẹ kò lè bó, ewé igi ẹ̀yìnkùlé sì ń dá lu bí ẹni pé iná ta sí i lára.

Àwọn aládùúgbò ní imú mi yóò mọ́ ọn lára, àti pé ọjọ́ tí n kò bá ti gbóòórùn, kò séwu. Ṣé òótọ́ ni? Àwọn ọmọ mi kò tíì pé ọdún 3, ikọ́ kì í sì í tán lára wọn. A ṣì ń san gbèsè ilé yìí, nítorí náà ẹ jọ̀wọ́, ẹ má kàn sọ pé kí n kó kúrò. Ẹ sọ ìdí rẹ̀, kí ẹ sì sọ ohun tí ẹni tí kò lè kó kúrò lónìí lè ṣe.

Onímọ̀ Kẹ́mísìrì

Ẹ pẹ̀lẹ́, Ìyá Ìbejì. Ọ̀rọ̀ imú ni n ó kọ́kọ́ dáhùn, nítorí nínú gbogbo ohun tí àwọn ará irú ìlú bẹ́ẹ̀ máa ń sọ fún àlejò, òun ni ó léwu jù.

Gáàsì tí ó sábà máa ń rùn bí ẹyin tó bàjẹ́ ni hydrogen sulfide. Imú ènìyàn ń gbọ́ ọ kí ó tó dé ìdá kan nínú mílíọ̀nù afẹ́fẹ́ rárá, ṣùgbọ́n bí ó bá ti tó nǹkan bí ìdá 100 nínú mílíọ̀nù, gáàsì náà fúnra rẹ̀ ni yóò mú kí imú kú, ẹni tí ó ń fà á símú yóò sì rò pé ó ti lọ nígbà tí ó jẹ́ pé ńṣe ni ó ń pọ̀ sí i. Benzene tún wà, kẹ́míkà kan tí ó wà nínú epo rọ̀bì àti bẹntiróòlù, èyí tí àjọ àgbáyé tí ń ṣèwádìí àrùn jẹjẹrẹ kà mọ́ àwọn ohun tí ó dájú pé ó ń fa jẹjẹrẹ fún ènìyàn. Ìdá 1 nínú mílíọ̀nù ni òfin Amẹ́ríkà fàyè gbà fún òṣìṣẹ́ láàrin wákàtí 8, bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ènìyàn kì í gbóòórùn rẹ̀ títí yóò fi kọjá ìwọ̀n yẹn. Carbon monoxide ní tirẹ̀ kò ní òórùn kankan. Bí ẹ bá gbóòórùn, ẹ mọ̀ pé nǹkan wà níbẹ̀. Bí ẹ kò bá gbóòórùn, ẹ kò tíì mọ nǹkan kan. Ní ti pé imú yóò mọ́ ọn lára, òótọ́ ni pé imú máa ń rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ̀dọ̀fóró àti ẹ̀jẹ̀ kò mọ irú ìyẹn.

Ìdí tí alẹ́ fi burú ju ọ̀sán lọ nìyí. Lójú ọ̀sán, oòrùn ń mú ilẹ̀ gbóná, afẹ́fẹ́ gbígbóná ń gòkè, ó sì ń gbé èéfín lọ. Lálẹ́ tí ojú ọ̀run bá mọ́, tí atẹ́gùn kò sì fẹ́, ilẹ̀ yóò tutù, afẹ́fẹ́ tí ó sún mọ́ ilẹ̀ yóò sì tutù ju èyí tí ó wà lókè rẹ̀ lọ. Ti òkè yóò wá dé ti ìsàlẹ̀ mọ́lẹ̀ bí ọmọrí ìkòkò, ohun yòówù tí ilé-iṣẹ́ bá sì tú jáde yóò dúró sí gíga ilé àti fèrèsé títí oòrùn yóò fi yọ. Èyí kò sọ pé àwọn ilé-iṣẹ́ kan kì í dọ́gbọ́n dúró de òkùnkùn kí wọ́n tó tú ìdọ̀tí wọn sílẹ̀. Ohun tí ó sọ ni pé òórùn alẹ́ nìkan kò tó láti fi dá wọn lẹ́jọ́.

Ní ti àmì ara aṣọ àti ihò ara ewé, bí ó bá jẹ́ pé ilé-iṣẹ́ ni wọ́n ti wá lóòótọ́, a jẹ́ pé gáàsì nìkan kọ́ ni ń bọ́ sí àgbàlá yín. Eruku tàbí ẹ̀kán omi tí ó ní ásíìdì wà nínú rẹ̀. Ìyẹn sàn ní ọ̀nà kan, nítorí ohun tí ó bá balẹ̀ ṣeé gbá jọ sínú ike mímọ́ kí a sì gbé lọ sí ilé àyẹ̀wò, ṣùgbọ́n gáàsì ti máa ń lọ kí aláyẹ̀wò tó dé.

Òṣìṣẹ́ Àtijọ́

Ẹ jẹ́ kí a fi sùúrù ṣe é. Ilé-iṣẹ́ tí ń ṣe chlorine ni mo ti ṣiṣẹ́ títí mo fi fẹ̀yìn tì, chlorine yẹn kan náà ni wọ́n sì fi ń pa kòkòrò inú omi tí gbogbo wa ń mu. Ìlú bí èyí tí Ìyá Ìbejì ń sọ, ilé-iṣẹ́ ni ó dá a sílẹ̀. Bí ẹ bá yọ ọ́ kúrò, ilé-ìwé, ilé-ìwòsàn àti ọjà yóò tẹ̀ lé e.

Ohun tí ojú ń rí sì máa ń tan ènìyàn jẹ. Kùrukùru funfun ńlá tí ń jáde láti orí ilé gogoro tí wọ́n fi ń mú omi tutù, oru omi lásán ni ó pọ̀ jù nínú rẹ̀. Iná tí ń jó lórí ọ̀pá gíga náà kì í ṣe àmì pé ilé-iṣẹ́ ń jóná. Gáàsì tí ó pọ̀ ju ohun tí ẹ̀rọ lè gbà ni wọ́n ń sun níbẹ̀, kí ó má baà tú dànù láìjó tàbí kí ó bú gbàmù. Bí ó bá ń jó láìsí èéfín, ó ń ṣiṣẹ́ rẹ̀. Ìgbà tí ó bá ń tú èéfín dúdú ni kí ẹ ya àwòrán rẹ̀, nítorí a jẹ́ pé kò jó tán.

Ibi tí àwa òṣìṣẹ́ ti ń bẹ̀rù ni ibi tí kò hàn síta, ìyẹn oríkèé páìpù, ìdí ẹ̀rọ tí ń fa omi kẹ́míkà, àti àwọn fáàfù tí ó ti gbó. Jíjò díẹ̀díẹ̀ láti ẹgbẹ̀rún ibi máa ń pọ̀ ju ohun tí ó ń gba ẹnu ọ̀pá èéfín jáde lọ nígbà mìíràn. Ohun kan sì wà tí ẹnikẹ́ni kò tíì bi yín, Ìyá Ìbejì. Aṣọ iṣẹ́ ọkọ yín ńkọ́? Níbo ni ó ń bọ́ ọ sí? Ta ni ń fọ̀ ọ́? Ṣé pẹ̀lú aṣọ àwọn ọmọ ni? Mo ti rí ọkùnrin tí ó máa ń gbé ọmọ rẹ̀ sáyà kí ó tó bọ́ aṣọ iṣẹ́ sílẹ̀, tí eruku ṣì wà ní kọ́là rẹ̀. Kí ó wẹ̀ níbi iṣẹ́, kí bàtà iṣẹ́ má kọjá ẹnu ọ̀nà, kí ẹ sì fọ aṣọ náà lọ́tọ̀. Bí ilé-iṣẹ́ bá ní ibi tí wọ́n ti ń fọ aṣọ, kí ó má gbé e wá sílé rárá.

Ọmọ Ìtàn

Ẹ̀gbọ́n, mo bọ̀wọ̀ fún yín, ọ̀rọ̀ aṣọ iṣẹ́ yẹn sì wúlò púpọ̀. Ṣùgbọ́n gbólóhùn yín pé ilé-iṣẹ́ ni ó dá ìlú sílẹ̀ ni wọ́n fi pa àwọn ènìyàn lẹ́nu mọ́ ní Minamata.

Ní ìlú Minamata lórílẹ̀-èdè Jàpáànù, ilé-iṣẹ́ Chisso ń lo mẹ́kúrì láti ṣe acetaldehyde, ìyẹn kẹ́míkà tí wọ́n fi ń ṣe àwọn kẹ́míkà mìíràn, láti 1932 títí di 1968 ni omi ìdọ̀tí rẹ̀ sì ń ṣàn lọ sínú òkun. Mẹ́kúrì náà wọ inú ẹja, ẹja sì ni oúnjẹ àwọn apẹja. Àwọn ológbò ni ó kọ́kọ́ hàn lára wọn: wọ́n ń ta gọ̀ọ́gọ̀ọ́ káàkiri, wọ́n ń gbọ̀n, àwọn mìíràn já sínú òkun. Lẹ́yìn náà ni àwọn ọmọdé bẹ̀rẹ̀ sí í pàdánù ìrìn àti ọ̀rọ̀ sísọ. Ní ọjọ́ 1 oṣù Karùn-ún 1956 ni olórí ilé-ìwòsàn ilé-iṣẹ́ náà gan-an, Dókítà Hosokawa, fi tó ìjọba létí pé àrùn kan tí kò yé wọn ti dé. Ní 1959, dókítà yìí bẹ̀rẹ̀ sí í fi omi ìdọ̀tí acetaldehyde po oúnjẹ ológbò kan tí wọ́n fún ní nọ́ńbà 400. Ológbò náà sì kó irú àrùn kan náà. Àwọn ọ̀gá ilé-iṣẹ́ mọ̀. Wọ́n ní kí ó dáwọ́ dúró, wọ́n sì fi èsì náà pamọ́. Oṣù Kẹsàn-án 1968 ni ìjọba tó jẹ́wọ́ ní gbangba pé mẹ́kúrì Chisso ni, ọdún 12 lẹ́yìn ìròyìn àkọ́kọ́, nígbà tí ilé-iṣẹ́ náà kò tilẹ̀ nílò ọ̀nà ìpèsè yẹn mọ́.

Ní gbogbo ọdún wọ̀nyẹn, ìlú pín sí méjì. Àwọn tí ó ń gba owó oṣù lọ́dọ̀ Chisso ka àwọn aláìsàn sí ọ̀tá tí ó fẹ́ gba oúnjẹ lẹ́nu wọn, àwọn ìdílé kan sì ń fi aláìsàn wọn pamọ́ nítorí ìtìjú. Àwọn ìyá kan tí àmì àrùn kò fi bẹ́ẹ̀ hàn lára wọn bí ọmọ tí àrùn náà ti bà jẹ́ láti inú oyún. Ṣáájú ìgbà náà, ọ̀pọ̀ oníṣègùn gbàgbọ́ pé ibi-ọmọ máa ń dá májèlé dúró. N kò sọ pé gbogbo ilé-iṣẹ́ rí bẹ́ẹ̀, ẹ̀gbọ́n. Ohun tí mo ń sọ ni pé nígbà tí ilé-iṣẹ́ kan bá di gbogbo ìlú mú, ẹni tí ó mọ òótọ́ sábà máa ń wà nínú ilé-iṣẹ́ náà, kò sì ní àyè láti sọ ọ́.

Nọ́ọ̀sì Aládùúgbò

Mo fẹ́ fa ọ̀rọ̀ padà sọ́dọ̀ àwọn ọmọ. Ọmọdé sún mọ́ ilẹ̀ ju àgbà lọ, èémí rẹ̀ yára ju ti àgbà lọ, ó sì ń ti ọwọ́ bọ ẹnu láti àárọ̀ di alẹ́. Nítorí náà, eruku tí ó wà nílẹ̀ ilé àti lórí pèpéle fèrèsé ṣe pàtàkì fún un bí afẹ́fẹ́ tí ó ń mí. Ìgbálẹ̀ gbígbẹ kàn ń gbé eruku dìde ni; aṣọ tútù ni kí ẹ máa fi nu ilẹ̀ àti fèrèsé. Ẹ fọ ọwọ́ wọn kí wọ́n tó jẹun, ẹ má sì jẹ́ kí wọ́n máa ṣeré nínú iyẹ̀pẹ̀ lásán lẹ́yìn ilé títí ẹ ó fi mọ ohun tí ó wà nínú rẹ̀. Ilé-iṣẹ́ ọ̀dà àtijọ́ tí ẹ mẹ́nu kàn yẹn ń kọ mí lóminú ju àwọn tí ń tú èéfín lọ, nítorí ọ̀dà àtijọ́ sábà máa ń ní òjé, òjé kì í sì í jẹrà kúrò nínú ilẹ̀.

Ẹ mú ikọ́ náà lọ sọ́dọ̀ dókítà, kí ẹ má sì kọ́kọ́ dá a lẹ́bi fún ilé-iṣẹ́. Ikọ́ fée àti àwọn àìsàn mìíràn ní ìtọ́jú tiwọn. Ṣùgbọ́n ẹ mú ìwé kan dání. Kọ ọjọ́, wákàtí, irú òórùn, ibi tí atẹ́gùn ń fẹ́ láti ọ̀dọ̀ rẹ̀, àti bí àwọn ọmọ ṣe sùn. Dókítà tí ó bá rí i pé ikọ́ ń le ní gbogbo òru tí atẹ́gùn bá ti ọ̀nà kan wá ní ohun tí ó lè dì mú. Èyí tí wọ́n bá sọ fún pé "òórùn máa ń pọ̀" kò ní nǹkan kan.

Àwọn ènìyàn máa ń wá bá mi pé kí a yẹ ẹ̀jẹ̀ wọn wò fún "gbogbo kẹ́míkà". Kò sí irú àyẹ̀wò bẹ́ẹ̀. A lè rí òjé àti mẹ́kúrì. Benzene ń kúrò lára láàrin ọjọ́ díẹ̀, nítorí náà bí ẹ kò bá tètè yẹ̀ ẹ́ wò, a kò ní bá a. Àwọn kẹ́míkà tí wọ́n ń pè ní PFAS, tí kì í tètè jẹrà, ní tiwọn, lè wà lára fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Bákan náà ni ọ̀rọ̀ jẹjẹrẹ. Ó lè gba ọdún 10, 20 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ kí ó tó farahàn, àwọn ènìyàn á ti kó lọ sí ìlú mìíràn, jẹjẹrẹ sì wọ́pọ̀ níbi gbogbo tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi ṣòro láti fi òpópónà kan ṣe ẹ̀rí. Ìgbà tí ó hàn kedere ni ti vinyl chloride, èyí tí wọ́n fi ń ṣe ike PVC. Ní ìbẹ̀rẹ̀ 1974, ní ìlú Louisville ní Amẹ́ríkà, wọ́n kéde pé àwọn òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ kan ṣoṣo ti kú nípa irú jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀ kan tí ó ṣọ̀wọ́n débi pé dókítà lè ṣiṣẹ́ títí di ọjọ́ ogbó kí ó má rí ẹyọ kan. Ìṣọ̀wọ́n rẹ̀ ni ó tú àṣírí. Ká ní jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀fóró ni, wọn ì bá ti kà á sí ti sìgá.

Ìyá Ìbejì

Ẹ ṣeun gan-an, ẹ̀yin àgbà. Ẹ̀gbọ́n Òṣìṣẹ́ Àtijọ́, ní ti òdodo, inú agbọ̀n kan náà ni aṣọ wọn ń wọ̀. Ìyẹn ti parí láti òní. Ohun méjì ni ó kù tí mo fẹ́ bi yín. Mo máa ń hó omi kí a tó mu ún. Ṣé ó tó? Èkejì, wọ́n máa ń fọn fèrè ìkìlọ̀ kan ní ìlú wa láti fi dán an wò, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí ó sọ ohun tí ó yẹ kí n ṣe fún mi bí ó bá dún lóòótọ́.

Onímọ̀ Kẹ́mísìrì

Omi híhó ń pa kòkòrò àrùn. Kò lè mú òjé, arsenic tàbí nitrate kúrò, kódà bí omi bá ṣe ń gbẹ nínú ìkòkò ni wọ́n ń ki sí i nínú èyí tí ó kù. Àwọn kẹ́míkà tí ń fò lọ bí afẹ́fẹ́, bíi trichloroethylene tí wọ́n fi ń fọ ọ̀rá kúrò lára irin, yóò jáde nínú omi náà, inú ilé ìdáná yín ni wọn yóò sì jáde sí. Asẹ́ èédú dára fún ọ̀pọ̀ nínú irú àwọn wọ̀nyẹn bí a bá ń pààrọ̀ rẹ̀ lásìkò, ṣùgbọ́n kì í dá nitrate dúró. Asẹ́ tí ń fi agbára ti omi gba inú awọ tẹ́ẹ́rẹ́ kọjá ni ó ń mú ọ̀pọ̀ irin àti nitrate kúrò. Ẹ yẹ omi wò kí ẹ tó ra asẹ́, pàápàá bí ó bá jẹ́ omi kànga, nítorí ẹni tí ó ra asẹ́ láìmọ ohun tí ó fẹ́ sẹ́ ti lè ná owó rẹ̀ dànù.

Ìbòmú ńkọ́? Èyí tí ń dá eruku dúró kì í dá gáàsì dúró, bákan náà ni ẹ̀rọ tí ń sẹ́ eruku inú yàrá. Bí kò bá ní èédú púpọ̀ nínú, òórùn yóò kàn gba inú rẹ̀ kọjá ni. Síbẹ̀, fún eruku kíkúnná tí ń wọ inú ẹ̀dọ̀fóró, ẹ̀rọ náà wúlò ní yàrá tí àwọn ọmọ ń sùn sí.

Panápaná Àná

Fèrè náà, ẹ jẹ́ kí n gbà á. Ohun tí ó wá sí ọkàn ọ̀pọ̀ ènìyàn bí ó bá dún ni pé kí wọ́n sá jáde. Bí ó bá jẹ́ gáàsì ni ó tú, inú ilé ni ààbò wà lọ́pọ̀ ìgbà, àyàfi bí àwọn aláṣẹ bá ní kí ẹ kúrò. Ẹ wọlé, ẹ ti ilẹ̀kùn àti fèrèsé, ẹ pa fáànù àti ẹ̀rọ amúlétutù tí ń fa afẹ́fẹ́ ìta wọlé. Ẹ yan yàrá tí fèrèsé rẹ̀ kò pọ̀, kí ẹ fi téèpù àti ọ̀rá dí ojú ihò, kí ẹ sì fi aṣọ tútù dí ìsàlẹ̀ ilẹ̀kùn. Ẹ gbọ́ rédíò. Chlorine wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ ní ìlọ́po méjì ààbọ̀, inú kòtò àti yàrá abẹ́ ilẹ̀ ni ó máa ń wá, nítorí náà yàrá òkè ni ó sàn. Bí ó bá bá yín níta, ẹ má sá síwájú atẹ́gùn. Ẹ sá gba ẹ̀gbẹ́, kí ẹ gé ọ̀nà rẹ̀ kọjá. Bí wọ́n bá sì ti sọ pé ewu ti kúrò, ẹ ṣí gbogbo fèrèsé kí ẹ jáde, nítorí èyí tí ó ti wọlé yóò ṣì wà níbẹ̀. Ẹ má wakọ̀ lọ kó ọmọ nílé-ìwé. Àwọn olùkọ́ náà ti yẹ kí ó ti ilẹ̀kùn mọ́ wọn.

Kì í ṣe nǹkan kékeré. Ní òru ọjọ́ 2 mọ́jú ọjọ́ 3 oṣù Kejìlá 1984, nǹkan bí tọ́ọ̀nù 40 methyl isocyanate, kẹ́míkà olóró tí wọ́n fi ń ṣe oògùn apakòkòrò, tú jáde láti ilé-iṣẹ́ Union Carbide ní Bhopal, ní Íńdíà. Wọ́n ti pa ẹ̀rọ tí ó yẹ kí ó máa mú àgbá náà tutù, ọ̀pá tí ó yẹ kí ó sun gáàsì náà sì wà lábẹ́ àtúnṣe. Ìjọba kọ́kọ́ ka 2,259 òkú. Iye àwọn tí wọ́n gbà pé ó kú lẹ́yìn náà pọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ fíìfíì. Àwọn tí ó ń gbé lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri ilé-iṣẹ́ náà kò mọ orúkọ gáàsì tí ó wà nínú àgbá, wọn kò sì mọ ohun tí ó yẹ kí wọ́n ṣe, nítorí náà wọ́n sáré, wọ́n sì ń mí gan-an bí wọ́n ṣe ń sáré.

Ní Yúróòpù, ìṣẹ̀lẹ̀ Seveso ní Ítálì ní oṣù Keje 1976, níbi tí májèlé tí wọ́n ń pè ní dioxin ti bọ́ sórí ilé àti oko, ni ó bí òfin 1982 tí ó ń jẹ́ orúkọ ìlú náà. Gẹ́gẹ́ bí èyí tí wọ́n tún ṣe ní 2012, ó yẹ kí àwọn tí ó wà nítòsí máa gba àlàyé déédéé nípa ohun tí wọn yóò ṣe, láìjẹ́ pé wọ́n bèèrè. Ẹ lọ bèèrè tiyín lọ́wọ́ ìjọba ìlú àti ilé-iṣẹ́ panápaná, ní kíkọ sílẹ̀.

Akẹ́kọ̀ọ́ Òfin

Mo fara mọ́ "ní kíkọ sílẹ̀" yẹn. Lẹ́yìn Bhopal, Amẹ́ríkà ṣe òfin kan ní 1986 tí ó pọn dandan fún ilé-iṣẹ́ láti kéde iye májèlé tí ó ń tú sí afẹ́fẹ́, omi àti ilẹ̀ lọ́dọọdún, ẹnikẹ́ni sì lè wò ó. Àdéhùn Aarhus ti 1998 fún àwọn ará ilẹ̀ tí ó fọwọ́ sí i ní ẹ̀tọ́ láti bèèrè irú ìròyìn bẹ́ẹ̀ láìsọ ìdí. Kí ẹ kàn rántí pé ilé-iṣẹ́ fúnra rẹ̀ ni ó sábà máa ń ka iye náà, ọ̀pọ̀ rẹ̀ sì jẹ́ ìṣirò lórí ìwé, kì í ṣe ohun tí wọ́n wọ̀n. Ìdí nìyí tí wíwọn afẹ́fẹ́ ní etí ògiri ilé-iṣẹ́ fi ṣe pàtàkì. Láti 2015 ni òfin Amẹ́ríkà ti ní kí àwọn ilé ìfọpo máa gbé ìgò kéékèèké yí ọgbà wọn ká láti wọn benzene, kí wọ́n máa pààrọ̀ wọn ní ọ̀sẹ̀ méjì méjì. Jíjò tí ìṣirò orí ìwé kò rí máa ń hàn níbẹ̀.

Pípe ilé-iṣẹ́ lẹ́jọ́ pẹ̀lú lè so èso tí kì í ṣe owó nìkan. Ní agbègbè Parkersburg, ní West Virginia, àdéhùn ẹjọ́ kan pẹ̀lú ilé-iṣẹ́ kẹ́míkà DuPont lórí PFOA, ọ̀kan nínú àwọn PFAS tí Nọ́ọ̀sì dárúkọ, nínú omi mímu ni wọ́n fi yẹ ẹ̀jẹ̀ àwọn ènìyàn bí 69,000 wò, ìgbìmọ̀ onímọ̀ sì parí iṣẹ́ rẹ̀ ní 2012 pé ó ṣeé ṣe kí kẹ́míkà náà so mọ́ àìsàn mẹ́fà, lára wọn ni jẹjẹrẹ kíndìnrín. Ẹ̀rí tí Nọ́ọ̀sì sọ pé ó ṣòro láti rí ní òpópónà kan, ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn ni ó mú un wá.

Òṣìṣẹ́ Àtijọ́

N kò bá yín jiyàn lórí òfin. Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ rò ni ọjọ́ kejì lẹ́yìn tí ẹ bá ti ilé-iṣẹ́ pa. Dzerzhinsk ní Rọ́ṣíà, lẹ́bàá odò Oka, jẹ́ ibùdó kẹ́míkà ìjọba Sófíẹ́tì, títí kan gáàsì ogun. Nígbà tí Sófíẹ́tì túká, ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ náà dẹ́nu kọlẹ̀, síbẹ̀ ní 2006 àti 2007 àjọ Blacksmith Institute ṣì kà á mọ́ ibi mẹ́wàá tí ó dọ̀tí jù ní ayé. Ìdọ̀tí àtijọ́ ni ó wà níbẹ̀ nígbà náà, nínú adágún tí wọ́n ń pè ní Òkun Funfun àti kòtò tí wọ́n ń pè ní Ihò Dúdú. Ní Bhopal pàápàá, oṣù Kìn-ín-ní 2025 ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ kó tọ́ọ̀nù 337 ìdọ̀tí kúrò nínú ọgbà náà, ogójì ọdún lẹ́yìn ìjàǹbá. Ilé-iṣẹ́ tí ń ṣiṣẹ́ ní ẹni tí a lè pè lẹ́jọ́. Ta ni ẹ ó pè fún ti ilé-iṣẹ́ ọ̀dà tí ó ti kógbá wọlé yẹn?

Arìnrìn-àjò

Ìbéèrè gidi nìyẹn, ẹ̀gbọ́n. Ọ̀nà kẹta sì wà láàrin títì pa àti fífara dà á. Ní Cubatão, ní ìpínlẹ̀ São Paulo ní Brazil, àwọn ilé-iṣẹ́ irin, epo àti ajílẹ̀ ti ba afẹ́fẹ́ jẹ́ débi pé ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980 wọ́n ń pè é ní Àfonífojì Ikú. Igbó orí òkè kú, ilẹ̀ sì bẹ̀rẹ̀ sí í ya lulẹ̀ sọ́dọ̀ àwọn ilé-iṣẹ́ náà. Ní 1983 ni àjọ àyíká ìpínlẹ̀ náà, CETESB, ka orísun ìdọ̀tí 320 lọ́kọ̀ọ̀kan, ó sì fún ìkọ̀ọ̀kan ní gbèdéke. Wọ́n fi hẹlikọ́pítà da irúgbìn igi sí ara òkè. Àwọn ilé-iṣẹ́ kò kúrò, iṣẹ́ kò sì parí. Ẹyẹ pupa etí omi tí ó ti sá lọ padà wá. Eruku ṣì ń yọ wọ́n lẹ́nu, n kò ní parọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tí ẹnìkan bá sọ pé bí ó ti rí nìyẹn, kò sí ohun tí a lè ṣe, orúkọ ìlú yìí ni mo máa ń dá lóhùn.

Ẹni Tó Ti Kó Lọ

Gbogbo yín ti sọ̀rọ̀ dáadáa, ẹ jẹ́ kí n sọ ti owó. A kó kúrò ní irú ìlú bẹ́ẹ̀. Ilé wa kò rí owó gidi mú, nítorí ohun tí ó ń lé wa lọ ni ó ń lé àwọn tí ó fẹ́ rà á sẹ́yìn pẹ̀lú. Ẹni tí ó rà á ni ẹni tí kò lágbára láti ra ibòmíràn. Bẹ́ẹ̀ ni talákà ṣe máa ń wà ní ẹsẹ̀ ògiri ilé-iṣẹ́. Kì í sì í ṣe pé àwọn ni ó lọ bá ilé-iṣẹ́ nígbà gbogbo. Ní Louisiana, láàrin Baton Rouge àti New Orleans, lórí ilẹ̀ oko ìrèké àtijọ́ ni wọ́n kọ́ ọ̀pọ̀ nínú ilé-iṣẹ́ tí ó lé ní 150 sí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ abúlé àwọn ọmọ ẹrú tí ó ti wà níbẹ̀ ṣáájú.

Bí ẹ kò bá lè kúrò ní ìlú, Ìyá Ìbejì, ẹ wo bóyá ẹ lè kúrò ní àdúgbò. Ibùdó tí ń wo ojú ọjọ́ ní àkọsílẹ̀ ibi tí atẹ́gùn sábà máa ń fẹ́ láti ọ̀dọ̀ rẹ̀ jálẹ̀ ọdún. Kíkó lọ ní kìlómítà díẹ̀ sí ìhà tí atẹ́gùn ti ń bọ̀ lè ṣe ju ẹ̀rọ mẹ́ta nínú yàrá lọ.

Ìyá Ìbejì

Èmi àti ọkọ mi ti ka gbogbo rẹ̀. A ó bu iyẹ̀pẹ̀ ẹ̀yìnkùlé àti omi kànga fún àyẹ̀wò kí a tó ra ohunkóhun. Mo ti kọ lẹ́tà sí ìjọba ìlú lórí fèrè ìkìlọ̀ àti lórí ẹni tí ilẹ̀ ilé-iṣẹ́ ọ̀dà náà wà lọ́wọ́ rẹ̀. Àwọn ìyá mẹ́rin míràn ní òpópónà wa fẹ́ fọwọ́ sí i. Àwọn ọmọ ń lọ rí dókítà. Àyẹ̀wò òjé yìí, Nọ́ọ̀sì, ṣé ọjọ́ orí wọn ti tó o, àti pé ṣé èyí tí wọ́n ń gún ní ìka tó?

Nọ́ọ̀sì Aládùúgbò

Ọjọ́ orí wọn ti tó. Ọdún 1 àti ọdún 2 gan-an ni wọ́n sábà máa ń yẹ̀ ẹ́ wò, nítorí ìgbà yẹn ni ọwọ́ ń wọ ẹnu jù. Ìka tó láti bẹ̀rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ kọ́kọ́ fi ọṣẹ fọ ọwọ́ wọn dáadáa, nítorí eruku tí ó bá wà lára ìka lè wọ inú ẹ̀jẹ̀ tí wọ́n gbà kí èsì sì ga lásán. Bí ó bá ga, ẹ má bẹ̀rù títí wọn yóò fi tún gba ẹ̀jẹ̀ láti inú iṣan apá. Láti 2021, máíkírógíráàmù 3.5 nínú désílítà ẹ̀jẹ̀ ni wọ́n ń lò ní Amẹ́ríkà láti fi mọ ọmọ tí tirẹ̀ pọ̀ ju ti ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ. Ẹ gba nọ́ńbà náà sórí ìwé, ẹ má jẹ́ kí wọ́n kàn sọ fún yín pé "ó dára".